Apá Òsì Màmá Moorings

Nígbà tí màmá àgbà mi kú, ìjọ wa ní kí n kọ ìtàn ayé wọn sínú ìwé ètò ìsìnkú, kó má ju ojú ewé kan lọ. Mo kọ ọ́. Mo ní abúlé kan lẹ́gbẹ̀ẹ́ Ìmẹ̀kọ ni wọ́n bí wọn sí, mo ní wọ́n wá sí Lọ́ńdọ̀nù láti bá màmá mi tọ́ mi, mo sì ní oníwà tútù ni wọ́n, onísùúrù. Auntie Bíọ́lá, tó máa ń bá wọn wẹ òkú àwọn obìnrin nínú ìjọ, kà á lórí fóònù, wọ́n bú sẹ́rìn-ín.

"Onísùúrù kẹ̀? Màmá Moorings wo nìyẹn? Mojí, jọ̀ọ́, delete that thing."

Mo pa á rẹ́. Ohun tó kù lẹ́yìn tí mo pa á rẹ́ ni mo fẹ́ kọ síbí, bó ṣe ń wá sí mi lọ́kàn, pẹ̀lú ìjà Màmá àti ẹnu wọn tó mú, àti ọ̀rọ̀ apá òsì wọn tí wọn kò jẹ́ kí ẹnikẹ́ni rí títí wọ́n fi lọ.

Thamesmead Moorings là ń gbé, ibẹ̀ ni orúkọ wọn ti wá. Ìjọ aláṣọ funfun ni tiwa, àwọn màmá sì pọ̀ nínú rẹ̀, àdúgbò la fi ń dá wọn mọ̀. Màmá Plumstead wà, Màmá Abbey Wood náà wà, àwọn méjèèjì sì ń bẹ̀rù tiwa. Bí ẹnikẹ́ni bá gbé orin tó ga ju ohùn ìjọ lọ, Màmá Moorings á jókòó nígbà tí gbogbo èèyàn ṣì wà lórí ìdúró, wọ́n á ká ọwọ́ jọ, wọ́n á máa dúró kí onítọ̀hún wá sọ̀ kalẹ̀. Wòlíì wa bá wọn sọ̀rọ̀ nípa rẹ̀ lọ́jọ́ kan, tìrẹ̀lẹ̀tìrẹ̀lẹ̀. Wọ́n fetí sílẹ̀ dáadáa títí ó fi sọ tán. "Mo ti gbọ́," ni wọ́n wí. "Ẹ lọ sọ fún olórin náà kó gbọ́."

Òkú wíwẹ̀ ni iṣẹ́ tí wọ́n fẹ́ràn jù nínú ìjọ, bó tilẹ̀ jẹ́ pé "fẹ́ràn" lè dún bákan létí ẹlòmíràn. Bí obìnrin kan bá kú, àwọn àti Auntie Bíọ́lá á wọ bọ́ọ̀sì lọ sí Woolwich, sí ilé àwọn tó ń tọ́jú òkú, pẹ̀lú báàgì tí ọṣẹ, kànrìnkàn, òróró àti aṣọ funfun wà nínú rẹ̀. Wọn kì í gbà kí a fi omi tútù wẹ ẹnikẹ́ni. Ọmọkùnrin kan tó ń ṣiṣẹ́ níbẹ̀ fẹ́ ṣàlàyé fún wọn pé òkú kò mọ òtútù mọ́. Auntie Bíọ́lá ní ńṣe ni Màmá gbé bọ́kẹ́ẹ̀tì lé e lọ́wọ́. "O lè má mọ̀ ọ́n. Èmi mọ̀ ọ́n. Oya, go and boil water."

Òfin kejì ni pé wọn kì í ṣí òkú sílẹ̀ lẹ́ẹ̀kan náà. Apá kan ni wọ́n á ṣí, wọ́n á wẹ̀ ẹ́, wọ́n á bò ó, kí wọ́n tó ṣí èkejì. Obìnrin kan tó jẹ́ nọ́ọ̀sì tẹ̀ lé wọn lọ nígbà kan, ó ń kánjú nítorí pé iṣẹ́ ń dúró dè é, ló bá ká gbogbo aṣọ náà kúrò. Màmá dá a padà lọ sílé. Ọ̀rọ̀ tí wọ́n sọ fún un kò le, ṣùgbọ́n Auntie Bíọ́lá ní nọ́ọ̀sì náà sunkún dé ibùdó bọ́ọ̀sì. Ohun tí Màmá sọ kò ju èyí lọ: "Kò lè fa aṣọ bora mọ́. Ìwọ ló yẹ kó bá a fà á."

Màmá fúnra wọn, aṣọ ọlọ́wọ́ gígùn ni wọ́n ń wọ̀ lójoojúmọ́ ayé. Bí oòrùn bá mú ní Thamesmead, tí ilé kò ṣe é jókòó sí, a máa ń rìn lọ sí Birchmere Park, a ó jókòó létí omi. Gbogbo èèyàn á ti bọ́ aṣọ, àwọn ọmọ á máa sáré kiri láìwọ bàtà, Màmá á wà lórí bẹ́ǹṣì pẹ̀lú kádígán tí wọ́n de bọ́tìnnì rẹ̀ dé ọrùn, wọ́n á máa ju búrẹ́dì sí àwọn pẹ́pẹ́yẹ. Pátákó kan wà níbẹ̀ tó ní ká má fún wọn ní búrẹ́dì. Mo kà á sí wọn létí, mo sì túmọ̀ rẹ̀.

"Ṣé àwọn pẹ́pẹ́yẹ ló kọ ọ́?" ni Màmá bi mí.

Bẹ́ẹ̀ náà ló rí lọ́dọ̀ dókítà. Nọ́ọ̀sì tó fẹ́ wọn ẹ̀jẹ̀ ríru wọn á mú ẹ̀rọ wá sí apá òsì, Màmá á yí ìjókòó padà, wọ́n á na tọ̀tún sí i. Èmi ni mò ń ṣe ògbufọ̀. "Sọ fún un kó lo eléyìí," wọ́n á wí. "Èkejì ń sùn."

Gbogbo wa nílé mọ̀ pé kóló wà lápá náà. Ẹ̀yin tí ẹ ò mọ kóló, iṣẹ́ ọ̀ṣọ́ ni, tí àwọn olóólà ń fi abẹ fín sára àwọn ọ̀dọ́mọbìnrin láyé ijọ́un, wọ́n á fi dúdú ìdí ìkòkò ra á kó lè yọ dáadáa tó bá jinná. Màmá mi rí etí rẹ̀ fìrí nígbà tí òun wà ní kékeré. Ìjọ gbà pé nítorí ìwà mímọ́ ni Màmá ṣe ń bò ó, pé wọn kò fẹ́ kí ohun ayé àtijọ́ hàn lára ẹni tó wọ sùtánà. Màmá mi gbà pé ojú òyìnbó ló ń tì wọ́n. Èmi gba méjèèjì gbọ́, bí ọjọ́ bá ṣe rí.

Ó wá ṣẹlẹ̀ pé irú nǹkan bẹ́ẹ̀ ni mo fi ń jẹun. Mo ń yàwòrán fún àwọn awalẹ̀pìtàn. Bí wọ́n bá hú nǹkan jáde nínú ilẹ̀, fọ́tò nìkan kì í tó wọn, wọ́n ń fẹ́ ẹni tó lè fi yíǹkì fa gbogbo ìlà rẹ̀ síta kó hàn kedere. Ohun tó ń dé ọwọ́ mi jù ni ti àwọn darandaran ayé àtijọ́, àwọn tó ń gun ẹṣin kiri lórí pápá gbalasa tó bẹ̀rẹ̀ láti ẹ̀gbẹ́ Òkun Dúdú títí dé àwọn òkè Sìbéríà. Sítíà ni wọ́n ń pe àwọn kan nínú wọn. Wọn kò kọ ìwé sílẹ̀, inú àgọ́ àti inú kẹ̀kẹ́ ẹrù ni púpọ̀ nínú wọn ń gbé, ṣùgbọ́n kò sí ohun tí wọ́n ní tí wọn kò ṣe lọ́ṣọ̀ọ́: ìgbànú, gàárì, ìjánu, títí kan awọ ara tiwọn. Ẹranko ni wọ́n ń fín sí i, àgbọ̀nrín tí ìwo rẹ̀ dà sẹ́yìn dé ìdí, ẹkùn tó bu ẹṣin jẹ, àwọn ẹranko abìyẹ́ tí kò sí láyé. Lórí àwọn òkè kan, omi wọ inú ibojì wọn, ó di yìnyín, kò sì yọ́ mọ́. Ìdí nìyẹn tí a fi ṣì ń rí aṣọ wọn àti irun wọn àti fínfín ara wọn lónìí, lẹ́yìn ẹgbẹ̀rún ọdún méjì àti jù bẹ́ẹ̀ lọ.

Orí tábìlì tí a ti ń jẹun ni mo ti ń ṣiṣẹ́, Màmá á sì fa àga wá sẹ́gbẹ̀ẹ́ mi. Wọ́n máa ń wo àwòrán kọ̀ọ̀kan bí ẹni ń wo ọmọ tuntun, wọ́n á sì bá mi jà lé e lórí. Mo ń ya àgbọ̀nrín oníwúrà kan tó ká ẹsẹ̀ sábẹ́ ikùn, mo ní àwọn kan gbà pé ńṣe ló ń fò. Màmá ní irọ́ ni, ó ti rẹ̀ ẹ́. Mo ní àwọn mìíràn gbà pé ó ti kú. Ìyẹn bí wọn nínú. "Jẹ́ kó sinmi," ni wọ́n sọ, wọ́n sì dìde lọ sídìí síńkì.

Ọ̀rọ̀ apá wọn ni ìjà tó le jù láàárín wa. Mo bẹ̀ wọ́n pé kí wọ́n jẹ́ kí n yà á. Mo ní mò ń ya awọ ara àwọn tí mi ò mọ baba wọn, nígbà tí kóló màmá àgbà tèmi wà lábẹ́ kádígán níwájú mi. Mo ní olóólà tó ṣe é ti kú, àwọn ẹgbẹ́ wọn ti kú, kò sí ẹni tó kọ ọ́ síbì kankan. Gbogbo ìgbà ni wọ́n ń dá mi lóhùn pé ara àwọn kì í ṣe ìwé mi. Lọ́jọ́ tí mo wá fi ìbínú sọ ọ́ síta, mo ní, "Màmá, tẹ́ ẹ bá lọ, ó máa bá yín lọ ni o!"

Wọ́n ń bó ọsàn lọ́wọ́. Wọn kò gbójú sókè.

"Kó bá mi lọ. Ṣé kí n wá dá lọ ni?"

Ìgbà kan ṣoṣo ni wọ́n tẹ̀ lé mi lọ wo àwọn nǹkan tí mò ń yà lójúkojú. Ilé ohun ìṣẹ̀ǹbáyé kan láàárín Lọ́ńdọ̀nù ṣe ìpàtẹ àwọn darandaran yìí, Màmá ní àwọn fẹ́ lọ wo àgbọ̀nrín tó rẹ̀ náà. Wọ́n wọ ìró àti bùbá, wọ́n wọ kádígán lé e, wọ́n fi ìborùn aláwọ̀ ewé lé èjìká. A wọ bọ́ọ̀sì jáde ní Thamesmead, a lọ wọ reluwé ní Abbey Wood. Inú wọn dùn púpọ̀. Wọ́n rẹ́rìn-ín nígbà tí wọ́n rí ìbòjú tí wọ́n fi ń bo orí ẹṣin kí wọ́n tó sin ín pẹ̀lú olówó rẹ̀, tí wọ́n ṣe ìwo àgbọ̀nrín sí i lórí.

"Kí ni wọ́n fẹ́ kí ẹṣin náà rò pé òun jẹ́?"

"A ò mọ̀, Màmá. Bóyá wọ́n fẹ́ kó dé ọ̀run bí nǹkan mìíràn."

"Ẹ ò mọ̀," ni wọ́n sọ, inú wọn ṣì ń dùn. "Ẹ ṣáà ń yà á."

A yí igun kan, a dé ibi tí iná kò ti mọ́lẹ̀ púpọ̀. Awọ kan wà nínú gíláàsì, ó tẹ́ pẹrẹsẹ, ó pupa rúsúrúsú, ẹranko abìyẹ́ kan sì wà lára rẹ̀ tó yí ẹ̀yìn ara rẹ̀ padà. Mo ti ya nǹkan náà rí. Mo bẹ̀rẹ̀ sí í fi ìka tọ́ka ìyẹ́ rẹ̀ fún wọn. Màmá bi mí pé awọ kí ni. Mo ní awọ èjìká ọkùnrin kan ni.

Wọ́n sún mọ́ ọn, wọ́n tẹ̀ síwájú títí èémí wọn fi bo gíláàsì náà. Lẹ́yìn náà wọ́n bọ́ ìborùn wọn, wọ́n tú u, wọ́n sì tẹ́ ẹ bo gíláàsì náà láti òkè dé ìsàlẹ̀. Wọ́n tún eteetí rẹ̀ ṣe, bí ìgbà tí wọ́n bá ń bo ọmọ tó ti sùn. Wọ́n kúnlẹ̀. Ohùn jẹ́jẹ́ tí Auntie Bíọ́lá ní wọ́n fi ń bá àwọn òkú sọ̀rọ̀ ní Woolwich ni wọ́n fi sọ ọ́, mi ò sì gbọ́ ohùn yẹn rí títí di ọjọ́ náà.

"Ẹ má bínú sí wọn, sà. Wọn ò mọ̀ pé ẹ wà níbẹ̀."

Àwọn èèyàn dúró. Ẹ̀ṣọ́ kan ń bọ̀, géńdé ọkùnrin, mo sì mọ̀ láti ìrìn rẹ̀ pé ọmọ wa ni. Ó wo Màmá, ó wo ìborùn, ó wò mí.

"Mummy, ẹ jọ̀ọ́ ma, you can't cover the display. Ẹ bá mi ká a kúrò."

"Ta ló ṣí ọkùnrin yìí sílẹ̀ síta báyìí?" ni Màmá bi í, lórí ìkúnlẹ̀.

"Èmi kọ́ o, Mummy. Security lásán ni mí."

"Ṣé o bẹ̀ ẹ́ ṣá?"

Ọmọkùnrin náà wo ẹ̀yìn, bóyá ọ̀gá rẹ̀ wà nítòsí. Ó rẹ ohùn sílẹ̀. "Mi ò bẹ̀ ẹ́, ma. Ẹ bá mi fi tèmi mọ́ ọn."

Ó sì kọjú sí àwọn èèyàn tó dúró, ó ní kí wọ́n máa lọ sí yàrá kejì, kí wọ́n ṣe jẹ́jẹ́. Màmá gbàdúrà tán kí wọ́n tó ká ìborùn wọn, wọ́n sì dúpẹ́ lọ́wọ́ rẹ̀. Ojú tì mí nígbà náà, n kò ní parọ́, ojú tì mí débi pé mò ń wo ilẹ̀. Ṣùgbọ́n láti ọjọ́ yẹn, mi ò lè ya awọ ara ẹnikẹ́ni láìkọ́kọ́ kí i.

Nínú reluwé, wọ́n ń ká ìborùn wọn, wọ́n ń tú u, wọ́n tún ń ká a, títí a fi fẹ́rẹ̀ẹ́ dé Woolwich. Mo rò pé wọ́n ṣì ń bínú. Wọ́n wá ní, "Ọkùnrin yẹn gbìyànjú. Ó jókòó títí wọ́n fi fín in tán."

Mi ò béèrè kí n ya apá wọn mọ́ láti ọjọ́ náà. Kì í ṣe pé mi ò fẹ́ ẹ mọ́. Mo ń fẹ́ ẹ sí i ni, pàápàá nígbà tí àìsàn dé, tí wọ́n ń rù, tí ọwọ́ kádígán náà ń fẹ̀ sí i lára wọn. Mò ń jókòó lẹ́bàá bẹ́ẹ̀dì wọn lọ́sibítù, mò ń wo aṣọ náà, mo mọ̀ pé ohun tí mò ń wá wà lábẹ́ rẹ̀, pé bí wọ́n bá lọ, kò sí ibì kan tí mo ti lè tún un rí. Mo fẹ́ kí wọ́n gbé e fún mi fúnra wọn. Wọn kò gbé e fún mi. Wọ́n sùn lọ ní òwúrọ̀ ọjọ́ kan, nígbà tí màmá mi ń bá wọn ya irun.

Auntie Bíọ́lá pè mí lọ́jọ́ kejì. Mo rò pé ọ̀rọ̀ aṣọ òkú ni. Wọ́n ní kí n wá sí Woolwich, kí n wá bá àwọn wẹ Màmá. Mo ní mi ò wẹ òkú rí. "Mo mọ̀," ni Auntie dáhùn. "Ohun tí Màmá wí ni. Wọ́n ní ìwọ ni kó o wẹ apá òsì."

Mo fi ìwé ìyàwòrán kékeré mi àti pẹ́ńsù sínú àpò kóòtù kí n tó jáde nílé. Auntie Bíọ́lá gba kóòtù náà lọ́wọ́ mi lẹ́nu ọ̀nà, wọ́n gbé e kọ́ síta. Omi ti gbóná, wọ́n ti bu tútù sí i. Wọ́n ní kí n ki ọwọ́ mi méjèèjì bọ inú bọ́kẹ́ẹ̀tì náà, kí n sì jẹ́ kó wà níbẹ̀ kí wọ́n tó ṣí apá náà.

"Nítorí kí ni, Auntie?"

"Màmá ní tí omi bá rin ọwọ́ ẹ dáadáa, o ò ní lè di pẹ́ńsù mú."

Mo rẹ́rìn-ín. Ẹ̀rín náà kò tíì tán tí omijé fi dé. Auntie Bíọ́lá dúró kí n ṣe tán, wọ́n wá rọra fa aṣọ sẹ́yìn.

Aláǹgbá ni. Orí rẹ̀ kọjú sókè sí èjìká, ó mọ́, ó gún, àwọn ìlà kéékèèké tó wà lọ́rùn rẹ̀ tò lé ara wọn bí ìka ẹni tó mọṣẹ́ ṣe lè tò ó. Ẹsẹ̀ iwájú méjèèjì pé. Ibẹ̀ ló parí sí. Kò ní ẹ̀yìn, kò ní ẹsẹ̀ ẹ̀yìn, kò ní ìrù. Ìlà tó gbẹ̀yìn yọ̀ kúrò lójú ọ̀nà, ó ṣẹ́ lọ sí ẹ̀gbẹ́ apá, ó gùn, ó wọ́. Iṣẹ́ mi ni láti ka ìlà, mo sì kà á: ẹni tí wọ́n ń fín ló fa apá rẹ̀ yọ.

"Wọ́n sá," ni mo sọ.

"Wọ́n sá," ni Auntie Bíọ́lá dáhùn. "Àwọn ẹgbẹ́ wọn jókòó, gbogbo wọn jókòó títí ó fi tán. Ó ku ọ̀sẹ̀ díẹ̀ kí Màmá lọ ilé ọkọ, wọ́n sáré la oko ẹ̀gẹ́ já lọ sí ìlú àwọn ìyá wọn. Àwọn ọmọbìnrin yẹn fi wọ́n kọrin. Màmá ní orin yẹn ń dúró dè wọ́n lódò, lójà, nílé ọkọ. Wọ́n sọ ọ́ fún mi lọ́sibítù, ojú ṣì ń tì wọ́n, Mojí. Àgbà bíi tiwọn. Gbogbo àwa tá à ń pariwo holiness, holiness."

Màmá tó dá nọ́ọ̀sì padà sílé, tó bá wòlíì wí, tó kúnlẹ̀ níwájú gbogbo òyìnbó. Ọmọbìnrin kan ló wà nínú kádígán yẹn láti ọjọ́ yìí wá, tó ń sá. Àánú rẹ̀ ṣe mí débi pé ó dà bí ẹni pé èmi ni màmá rẹ̀.

Mo bi Auntie pé ṣé Màmá ní kí n fi pa mọ́. Wọ́n ní rárá. "Wọ́n ní o lè sọ ọ́, tó o bá fẹ́. Kó o má ṣáà yà á. Ẹni tí wọ́n bá sọ ọ́ fún á mọ̀ pé ẹ̀rù ló bà wọ́n. Ẹni tó bá rí àwòrán, ìlà lásán ló máa rí."

Mo bẹ̀rẹ̀ sí í wẹ apá náà. Mo fi ọṣẹ sí kànrìnkàn, mo bẹ̀rẹ̀ láti èjìká, mo gba orí aláǹgbá náà kọjá, mo dé ibi tó ti dúró. Níbi iṣẹ́ wa, ibi tí nǹkan bá já sí ni a ń dúró. A kì í fi èrò wa parí ohun tí kò sí, mo sì ti bá àwọn tó ju mí lọ jà lórí òfin yẹn. Mo gbé kànrìnkàn sílẹ̀. Mo fi ìka kan mú nínú ìfófòó ọṣẹ tó wà lọ́wọ́ mi, mo fi lé ibi tí ìlà ti yọ̀, mo sì bẹ̀rẹ̀ sí í fa ẹ̀yìn aláǹgbá náà, jẹ́jẹ́, láìgbé ìka sókè. Mo fa ẹsẹ̀ kan. Mo fa èkejì. Màmá kò fa apá wọn yọ.

Auntie Bíọ́lá ti gbé omi tí a ó fi ṣan án, wọ́n dúró lókè orí mi.

"Ṣé o ti ṣe tán?"

"Ó ku ìrù, ma."

Wọ́n gbé omi náà sílẹ̀, wọ́n sì di ọwọ́ Màmá mú fún mi kí n lè fà á dé ìgúnpá.